Bí Ìlù Bá Yí Padà

Ọ̀kan nínú àwọn òwe tí ó máa ń jáde lemọ́lemọ́ nínú ìdánwò èdè Yorùbá ni èyí tí ó sọ pé bí ìlù bá yí padà, ijó náà a yí padà. Ó ti lé ní ọgbọ̀n ọdún tí mo ti ń ka ìdáhùn àwọn akẹ́kọ̀ọ́ lórí òwe yìí, ohun kan náà ni ó sì fẹ́rẹ̀ẹ́ jẹ́ pé gbogbo wọn máa ń kọ: pé ọlọ́gbọ́n a máa bá ìgbà yí, pé ẹni tí kò bá bá ìgbà yí, ìgbà yóò fi í sílẹ̀ sójú ọ̀nà. Mo máa ń fún wọn ní máàkì. N kò lè ṣe aláìfún wọn, nítorí pé bẹ́ẹ̀ ni ọ̀pọ̀ àgbà ṣe ń lo òwe náà. Ṣùgbọ́n bàbá kan wà ní Òjúwòyè, ní Mushin, tí kò gbà pé ibẹ̀ ni òwe náà parí sí. Ó ní àwọn tí ń pa á máa ń gbàgbé ẹnì kan. Wọ́n rántí onílù, wọ́n rántí oníjó. Wọn kò rántí ẹni tí a torí rẹ̀ jáde ijó.

Inú ọ̀rọ̀ bàbá yìí ni ìbéèrè tí mo fẹ́ gbé yẹ̀ wò ti jáde. Bí ènìyàn bá ti fi ọjọ́ ayé rẹ̀ jà fún ohun kan, tí ìgbà sì yí, tí ìjọba yí, tí orúkọ ẹgbẹ́ yí, tí àwọn tí ó ń bá jà lánàá di àwọn tí a ń kí ní ọlọ́lá lónìí, kí ni ó yẹ kí ó dì mú, kí ni ó sì lè jọ̀wọ́ láìdi ọ̀dàlẹ̀? Ìbéèrè náà kì í ṣe tuntun. Ṣùgbọ́n n kò bi í bí ẹni tí ń wá àkòrí fún àròkọ. Mo ní gbèsè kan nínú rẹ̀, n ó sì dé orí gbèsè náà bí a bá ṣe ń lọ.

N kò ní dárúkọ bàbá náà, nítorí pé àwọn ọmọ rẹ̀ wà láyé, òun fúnra rẹ̀ kò sì fẹ́ràn ariwo. Ọmọ iṣẹ́ ni ó jẹ́ ní ilé iṣẹ́ réluwé ní Ẹ̀bútẹ́ Mẹ́ta nígbà tí ó wà ní ọmọ ogún ọdún. Lẹ́yìn èyí, ó bá wọn ṣe ẹgbẹ́ òṣèlú Action Group; nígbà tí ìjọba ológun àkọ́kọ́ kógbá sílé, ó bá wọn ṣe Unity Party of Nigeria. Ní gbogbo ọdún wọ̀nyẹn, kò di ipò kankan mú tí ó ju akọ̀wé ẹgbẹ́ ní àdúgbò lọ. Òun ni ó ń to àga, òun ni ó ń yá fìtílà, òun ni ó ń lọ láti ojúlé dé ojúlé kí àwọn ìyá ọlọ́jà má baà gbàgbé ọjọ́ ìforúkọsílẹ̀. Irú wọn pọ̀ ní Mushin, ní Ṣúrùlérè, ní Yábàá, ó sì jọ mí lójú pé ìtàn òṣèlú wa tí a ń kọ́ àwọn ọmọ ní ilé ìwé kò fi bẹ́ẹ̀ ní àyè fún wọn. Àwọn tí ó gun orí pèpéle ni a ń kà. A kì í ka ẹni tí ó kan pèpéle náà.

Bí bàbá bá ti bẹ̀rẹ̀ ọ̀rọ̀, ọ̀dọ̀ Michael Imoudu ni yóò ti bẹ̀rẹ̀ ẹ. Ọmọ Ọ̀ra ni Imoudu, ní ilẹ̀ tí a ń pè ní ìpínlẹ̀ Ẹdó lónìí, ṣùgbọ́n ilé iṣẹ́ réluwé ní Ẹ̀bútẹ́ Mẹ́ta ni ó ti di ẹni tí ayé mọ̀. Ní oṣù kẹsàn-án ọdún 1941, ó kó àwọn òṣìṣẹ́ réluwé sẹ́yìn, wọ́n fi ẹsẹ̀ rìn láti Ẹ̀bútẹ́ Mẹ́ta, wọ́n gba orí afárá Carter kọjá, wọ́n sì lọ bá Gómìnà Bourdillon ní ilé rẹ̀ ní Erékùṣù Èkó. Ogun Àgbáyé Kejì ń jà nígbà náà, ọjà gbówó lórí, owó iṣẹ́ kò sì kúrò níbi tí ó wà. Ìjọba fi díẹ̀ kún owó náà ní 1942. Ṣùgbọ́n ní 1943, wọ́n lé Imoudu kúrò ní ẹnu iṣẹ́, wọ́n sì fi òfin ogun dì í mú, wọ́n lé e kúrò ní Èkó, wọ́n ní kí ó máa gbé ní Auchi. Ó lé ní ọdún méjì tí ó fi wà ní ìgbèkùn. Ní ọjọ́ kejì oṣù kẹfà ọdún 1945 tí ó padà wọ Èkó, èrò tí ó jáde pàdé rẹ̀ kò kéré. Bàbá ní òun gun igi kí òun tó rí i.

Kí oṣù náà tó parí ni ìyanṣẹ́lódì ńlá bẹ́ sílẹ̀. Òṣìṣẹ́ tí ó lé ní ẹgbẹ̀rún lọ́nà ọgbọ̀n ni ó gbé iṣẹ́ jù sílẹ̀, ó sì lé ní oṣù kan kí ó tó rọlẹ̀. Ohun tí wọ́n béèrè kò ṣòro láti lóye: kí owó ojúmọ́ òṣìṣẹ́ má ṣe dín ní ṣílè méjì àti sísì, kí a sì fi ìdajì kún owó tí ó wà nílẹ̀ nítorí ọ̀wọ́n ọjà. Ìjọba ti ìwé ìròyìn West African Pilot àti Daily Comet pa nítorí ọ̀rọ̀ náà. Nígbà tí ìgbìmọ̀ tí a fi Tudor Davies ṣe olórí wádìí ọ̀ràn náà, wọ́n fara mọ́ ọn pé kí a fi ìdajì kún owó àfikún náà.

Mo fẹ́ kí a dúró díẹ̀ lórí 1945 yìí, nítorí pé ibẹ̀ ni mo ti rí ohun kan tí ó kan àwa tí a ń kọ́ni ní lítíréṣọ̀. Ní àsìkò yẹn gan-an, ọlọ́pàá ni Hubert Ògúndé, tí ó ti ṣe olùkọ́ rí. Iṣẹ́ ọlọ́pàá jẹ́ iṣẹ́ ìjọba. Ẹni tí ó wọ aṣọ náà mọ ẹ̀gbẹ́ tí ó yẹ kí òun wà. Ṣùgbọ́n ní ọdún náà gan-an ni ó gbé eré kan jáde lórí ìyanṣẹ́lódì àti ebi tí ó bá a rìn, tí àkọlé rẹ̀ ń jẹ́ Strike and Hunger, kò sì pẹ́ tí ó fi bọ́ aṣọ ọlọ́pàá sílẹ̀ tí ó gbájú mọ́ eré ṣíṣe. Nígbà tí ó gbé eré náà dé Jos ní 1946, wọ́n mú un. Ó tún ṣe òmíràn ní 1950 lẹ́yìn tí ọlọ́pàá yìnbọn pa àwọn òṣìṣẹ́ 21 tí ń wa èédú ní Iva Valley ní Enugu, ní oṣù kọkànlá ọdún 1949. Àwọn akẹ́kọ̀ọ́ máa ń kà á pé Ògúndé ni bàbá eré orí ìtàgé ìgbàlódé Yorùbá, òótọ́ sì ni. Ohun tí mo fẹ́ fi kún un ni pé ọ̀nà tí òun gbà yàtọ̀ sí ti Imoudu pátápátá. Ìkan rìn lórí afárá, ìkejì kọrin lórí ìtàgé. Bí ó bá ṣe pé ọ̀nà ni ìdúróṣinṣin, a jẹ́ pé ọ̀kan nínú wọn ti ṣìnà. Kò sí ẹni tí yóò sọ bẹ́ẹ̀.

Nítorí náà, ó dá mi lójú pé ọ̀nà kì í ṣe ohun tí a gbọ́dọ̀ dì mú. Ẹgbẹ́ ńkọ́? Ní Yábàá, ìjọba amúnisìn dá kọ́lẹ́ẹ̀jì gíga kan sílẹ̀ tí wọ́n ṣí ní 1934. Àwọn ọ̀dọ́ Èkó bínú pé ìwé ẹ̀rí tí wọn yóò máa gbà níbẹ̀ kò ní tó ti yunifásítì, pé abẹ́ àwọn òyìnbó ni àwọn tí ó bá gbà á yóò máa wà títí lọ. Inú ìbínú yẹn ni ẹgbẹ́ tí ó di Nigerian Youth Movement ti jáde, àwọn bíi J.C. Vaughan, Ernest Ikoli, H.O. Davies àti Samuel Akínsànyà sì wà nídìí rẹ̀. Ní 1938, ẹgbẹ́ náà fi ìdí àwọn àgbà òṣèlú ìlú janlẹ̀ nínú ìbò Èkó. Ní 1941, àga kan ṣoṣo ní ìgbìmọ̀ aṣòfin ṣí sílẹ̀. Wọ́n jà lórí bóyá Ikoli ni yóò jókòó sí i tàbí Akínsànyà, ẹgbẹ́ náà kò sì gbádùn mọ́ láti ọjọ́ náà. Ohun tí ó ṣe mí ní kàyéfì ni pé nígbà tí wọ́n ń jà yìí, ọ̀rọ̀ ẹ̀kọ́ tí ó dá ẹgbẹ́ sílẹ̀ kò tí ì yanjú. Olúkúlùkù ni ó sọ pé òun ń dá ààbò bo ẹgbẹ́. Ẹgbẹ́ lè wà lórí ẹsẹ̀ kí ohun tí a torí rẹ̀ dá a ti kú. Ó sì lè fọ́ kí ohun náà rí ilé mìíràn gbé.

Ó rọrùn láti dúró ṣinṣin nígbà tí ẹni tí ń fìyà jẹ wá bá jẹ́ àjèjì. Òtítọ́ yìí kò dùn ún sọ, ṣùgbọ́n ó yẹ kí a sọ ọ́. Lẹ́yìn 1960, ọ̀gá tí ó wà lórí àlééfà di ẹni tí a jọ ń jẹ oúnjẹ kan náà, tí ó mọ oríkì wa. Ọ̀pọ̀ nínú àwọn tí wọ́n jọ pariwo ní 1945 ni wọ́n wọ ọkọ̀ ìjọba, wọ́n sì sọ pé ìjà ti parí. Imoudu kò gbà pé ó ti parí. Ní 1964, òun àti àwọn olórí òṣìṣẹ́ yòókù tún darí ìyanṣẹ́lódì káàkiri ilẹ̀ yìí nítorí àbọ̀ ìgbìmọ̀ Morgan lórí owó iṣẹ́, ó sì tó ọjọ́ mẹ́tàlá kí ìjọba òmìnira tó bá wọn ṣàdéhùn. Ní 1977, ìjọba ológun ṣe òfin pé kí òun, Wahab Goodluck àti àwọn mìíràn má ṣe dá sí iṣẹ́ ẹgbẹ́ òṣìṣẹ́ mọ́. Ẹ wò ó: òyìnbó lé e lọ sí Auchi, ọmọ ilẹ̀ wa lé e kúrò nínú ẹgbẹ́ tí ó fi ọwọ́ ara rẹ̀ kọ́. Nígbà tí òṣèlú padà dé, ó wọ ẹgbẹ́ PRP ti Aminu Kano; nígbà tí PRP pín sí méjì, orúkọ rẹ̀ ni wọ́n fi ń pe apá kan. Ní 1986, ìjọba ológun mìíràn fi orúkọ rẹ̀ sọ ilé ẹ̀kọ́ nípa iṣẹ́ òṣìṣẹ́ tí ó wà ní Ìlọrin. Ó pé ọgọ́rùn-ún ọdún àti méjì kí ó tó kú ní 2005. Bí a bá ka iye ẹgbẹ́ tí ó wọ̀ tí ó sì jáde, a lè pè é ní aláìdúró-sójú-kan. Ṣùgbọ́n bí a bá béèrè lọ́wọ́ ẹni tí ń gba owó ojúmọ́ ní èyíkéyìí nínú àwọn ọdún wọ̀nyẹn, kò ní ṣòro fún un láti sọ ibi tí Imoudu wà.

Èmi rò pé títí dé ibí yìí, ọ̀rọ̀ náà kò le. Ọ̀rọ̀ Lateef Jákàńdè ni ó mú un le.

Kò sí ẹni tí ó gbé Mushin ní ìgbà náà tí yóò sọ pé Jákàńdè kì í ṣe ènìyàn wa. Wọ́n ti dá ẹ̀wọ̀n ọdún méje fún un ní 1963 nínú ẹjọ́ tí wọ́n fi mú Awólọ́wọ̀. Nígbà tí ó di gómìnà ìpínlẹ̀ Èkó ní 1979, ó kọ̀ láti kó lọ sí ilé ìjọba; ilé tirẹ̀ ní Ìlúpéjú ni ó ń gbé, ọkọ̀ tirẹ̀ ni ó ń gùn. Òun ni ó fi òpin sí kí àwọn ọmọ kan máa lọ sí ilé ìwé láàárọ̀ kí àwọn mìíràn máa lọ lọ́sàn-án. Ẹni tí kò bá kọ́ni nígbà náà lè má mọ ohun tí èyí túmọ̀ sí. Àwọn kan tí ó ti kàwé jù ń fi àwọn iyàrá ìkẹ́kọ̀ọ́ tí ó kọ́ kíákíá wọ̀nyẹn ṣe yẹ̀yẹ́, wọ́n ní ó dà bí ilé adìyẹ. Èmi mọ àwọn dókítà tí ó jáde nínú ilé adìyẹ náà. Ó kọ́ ilé fún mẹ̀kúnnù ní Ìṣọlọ̀, ní Abésàn, ní ibi púpọ̀ mìíràn, àwọn ènìyàn sì ń fi orúkọ rẹ̀ pè wọ́n títí di òní. Nígbà tí àwọn ológun gba ìjọba ní ọjọ́ tí ó gbẹ̀yìn ọdún 1983, wọ́n tì í mọ́lé.

Ẹni yìí kan náà ni ó gbà láti ṣe mínísítà fún ọ̀gágun Sani Abacha ní oṣù kọkànlá ọdún 1993, lẹ́yìn tí wọ́n ti fagi lé ìbò ọjọ́ 12 oṣù kẹfà tí Abíọ́lá jáwé olúborí nínú rẹ̀. Nígbà tí ó hàn gbangba pé Abacha kò ní gbé ìjọba fún ẹni tí a dìbò yàn, àwọn ènìyàn ké sí i pé kí ó jáde. Kò jáde. Inú ìjọba náà ni ó wà títí Abacha fi tú ìgbìmọ̀ rẹ̀ ká ní 1995. Títí ó fi kú ní 2021, ó ń sọ pé àwọn aṣáájú, tí Abíọ́lá fúnra rẹ̀ wà lára wọn, mọ̀ sí i kí òun tó gba iṣẹ́ náà.

Ẹ jẹ́ kí a gbà pé bẹ́ẹ̀ ni ó rí. Kí ni ẹ̀ṣẹ̀ rẹ̀, nígbà náà? Kò jí owó. Kò kọ́ ilé ńlá. Ilé gbígbé fún mẹ̀kúnnù ni ó tún ń sọ nígbà tí ó wà nípò mínísítà. Ohun tí ó ń lépa ní 1979 ni ó ń lépa ní 1994. Bí a bá ní ète nìkan ni a gbọ́dọ̀ dì mú, a jẹ́ pé Jákàńdè dúró ṣinṣin ju ọ̀pọ̀ nínú àwọn tí ń bú u lọ. Mo ti gbọ́ àwọn olùkọ́ ẹlẹgbẹ́ mi tí ń gbèjà rẹ̀ báyìí, n kò sì lè sọ pé wọn kò ní ọ̀rọ̀ lẹ́nu.

Bàbá Òjúwòyè ni mo bi. Ó dákẹ́ fún ìgbà díẹ̀, nítorí pé ó fẹ́ràn Jákàńdè dé ojú ikùn. Lẹ́yìn náà ni ó ní, “Tíṣà, èmi ni mo lọ sí ojúlé mẹ́rìnlélógójì ní àdúgbò yìí ní 1979, mo ní kí wọ́n dìbò fún un. Nígbà tí ó ń lọ bá Abacha, ta ni ó ní kí n tún lọ sọ fún wọn?”

Mo ti ro ìdáhùn yìí fún ọ̀pọ̀ ọdún, mo sì rò pé inú rẹ̀ ni ìyàtọ̀ wà. Ìlérí òṣèlú kì í ṣe ẹ̀jẹ́ tí ènìyàn bá Ọlọ́run rẹ̀ jẹ́ nínú yàrá. Ojú àwọn kan ni a ti ṣe é; àwọn tí ó gbọ́ ọ nìkan ni ó lè tú ènìyàn sílẹ̀ nínú rẹ̀. Bí ìgbà bá yí, kí ajìjàgbara yí ọ̀nà padà, kí ó yí ẹgbẹ́ padà, kí ó tilẹ̀ bá ọ̀tá jókòó bí ó bá rí i pé ọ̀nà àbáyọ wà níbẹ̀. Ṣùgbọ́n kí ó padà sí ojúlé tí ó ti kan ilẹ̀kùn, kí ó ṣàlàyé, kí ó sì gbà kí wọ́n sọ fún un pé rárá. Ìmọ̀ àwọn aṣáájú nínú yàrá kan kò tó. N kò pe Jákàńdè ní ọ̀dàlẹ̀. Mo kàn ń sọ pé ohun tí ó ṣe ní 1993, ó ṣe é fún àwọn ènìyàn láìbi wọ́n. Àti pé ìbò tí wọ́n fagi lé yẹn gan-an, bíbi àwọn ènìyàn ni ìtumọ̀ rẹ̀.

Ẹnì kan yóò sọ pé àwọn tí ó dúró ní ìta pàápàá ṣe àṣìṣe. Òótọ́ ni. Ọ̀pọ̀ ajìjàgbara ni ó rò ní ìparí 1993 pé Abacha yóò kàn bá wa lé ìjọba fìdí-hẹẹ́ lọ ni. Dókítà Bẹ́kọ̀ Ransome-Kútì, tí ó ń darí Campaign for Democracy nígbà náà, gba ẹ̀bi nínú àríyànjiyàn tí ó fa ìyapa sínú ẹgbẹ́ náà. Ṣùgbọ́n ẹ wo ẹni tí Bẹ́kọ̀ jẹ́. Nígbà tí àwọn ṣọ́jà dáná sun ilé Fẹlá, ẹ̀gbọ́n rẹ̀, lójú ọ̀nà Agége ní ọjọ́ 18 oṣù kejì ọdún 1977, ilé ìwòsàn Bẹ́kọ̀ tí ó wà nínú ọgbà náà jóná pẹ̀lú rẹ̀. Wọ́n ju ìyá wọn, Fúnmiláyọ̀, láti ojú fèrèsé òkè. Ó kú ní oṣù kẹrin ọdún 1978. Dókítà tí ó ní irú ìwé ẹ̀rí tí Bẹ́kọ̀ ní lè kó lọ sí òkè òkun. Kò lọ. Ó ń tọ́jú àwọn aláìsàn, ó sì ń jà. Wọ́n tì í mọ́lé ní ayé Buhari nítorí ọ̀rọ̀ ẹgbẹ́ àwọn dókítà, wọ́n tì í mọ́lé ní ayé Babangida, ilé ẹjọ́ ológun Abacha sì rán an lọ sí ẹ̀wọ̀n ní 1995. Ìgbà tí Abacha kú ní 1998 ni ó tó jáde. Ó lè ṣìnà nínú ìpinnu kan, ṣùgbọ́n ẹni tí ó bá fẹ́ bá a wí mọ ibi tí yóò ti bá a.

Ó wá ku ọ̀rọ̀ kan tí àwọn tí ń yin ajìjàgbara kì í fẹ́ sọ. Ọmọbìnrin bàbá Òjúwòyè ni ó sọ ọ́ fún mi, ìyàálé ilé kan tí ń ta aṣọ òkírìkà lójú ọjà. Mo ń yin bàbá rẹ̀ ní ojú rẹ̀, bí àwa olùkọ́ ṣe máa ń ṣe. Ó ní, “Ẹ ṣeun, sà. Ṣùgbọ́n àwa ni a san owó rẹ̀. Ìwé mẹ́fà ni mo kà. Owó tí ìyá mi fẹ́ fi rán mi lọ sí módà, kèrósíìnì ìpàdé ni Bàbá fi rà.” Ó rẹ́rìn-ín bí ó ti ń sọ ọ́, ṣùgbọ́n n kò rí ẹ̀rín náà ní ojú rẹ̀. N kò ní ìdáhùn fún un nígbà náà, n kò sì ní i nísinsìnyí. Bí ìlérí bá jẹ́ ohun tí a ṣe níwájú àwọn ènìyàn, ọmọ tí a bí sínú ilé wà lára wọn, ìlérí tirẹ̀ sì ti wà kí ẹgbẹ́ tó dé. N kò rò pé ẹnikẹ́ni lè fi orúkọ mẹ̀kúnnù jẹ ọmọ tirẹ̀ ní gbèsè kí ó sì pè é ní ìdúróṣinṣin. Síbẹ̀, bí kò bá sí àwọn tí ó ra kèrósíìnì náà, inú òkùnkùn ni ìpàdé ì bá wà. Ẹ̀yin tí ẹ ń múra ìdánwò, bí ẹ bá rí ẹni tí ó ní ọ̀rọ̀ yìí rọrùn, ẹ má ṣe gbà á gbọ́.

Ní oṣù kẹwàá ọdún 2020, àwọn ọ̀dọ́ tún jáde, wọ́n ní kí a fòpin sí ẹ̀ka ọlọ́pàá SARS. Ní Ṣúrùlérè, ní ọjọ́ 12 oṣù náà, ìbọn dún, ẹ̀mí ṣòfò, wọ́n sì ti àwọn kan mọ́lé ní àgọ́ ọlọ́pàá. Mo gbọ́ bí àwọn ẹgbẹ́ mi ṣe ń sọ̀rọ̀: pé àwọn ọmọ yìí kò ní alága, wọn kò ní akọ̀wé, wọn kò ní káàdì, wọn kò mọ Imoudu. Òótọ́ ni pé wọn kò mọ Imoudu; ta ni ó sì yẹ kí ó ti kọ́ wọn? Fóònù ni wọ́n fi ń pe ìpàdé. Wọ́n ń kó owó jọ, wọ́n ń kọ bí wọ́n ṣe ná an síta kí gbogbo ayé rí i, wọ́n ń wá agbẹjọ́rò fún ẹni tí wọ́n bá mú. Nígbà tí mo rí ìṣirò owó náà, bàbá Òjúwòyè ni ó wá sí mi lọ́kàn. Ó máa ń ka iye kèrósíìnì tí ó rà sétígbọ̀ọ́ gbogbo ilé, títí dé orí kọ́bọ̀, kí ìpàdé tó bẹ̀rẹ̀.

Gbèsè tèmi ni ó kù. Ní oṣù keje ọdún 1993, nígbà tí Campaign for Democracy ní kí Èkó jáde láti tako ìfagilé ìbò, èmi náà wà lára àwọn tí ń pín ìwé ìléwọ́ ní Òjúẹlẹ́gbà àti ní Ìdí-Oro. Olùkọ́ ọ̀dọ́ ni mí nígbà náà. Nígbà tí àwọn ṣọ́jà bẹ̀rẹ̀ sí yìnbọn, mo sáré gba Òjúwòyè, mo gbé èyí tí ó ṣẹ́kù lọ́wọ́ mi sí ilé bàbá, mo ní n ó padà wá gbé e. Ní 1994, ọ̀gá ilé ìwé tí mo wà nígbà náà pè mí, ó ní orúkọ mi ti dé ọ̀dọ̀ àwọn kan. Ìyàwó mi wà nínú oyún. Mo ṣíwọ́. Èmi náà sọ fún ara mi pé ìlù ti yí padà, pé iṣẹ́ olùkọ́ pàápàá jẹ́ ìjà, pé n ó máa fi ìwé jà. Bóyá òótọ́ wà níbẹ̀. Ṣùgbọ́n n kò padà sí ilé bàbá láti sọ fún un. Nígbà tí mo bá ní ohun láti ṣe ní Òjúwòyè, ọ̀nà ẹ̀yìn ni mo máa ń gbà. Ọdún mẹ́rin ni mo fi gba ọ̀nà ẹ̀yìn. Ìgbà tí Abacha kú ni mo tó yọjú, bàbá sì kí mi bí ẹni pé àná ni mo lọ. Gbogbo ìjíròrò tí mo ti ròyìn nínú àpilẹ̀kọ yìí, lẹ́yìn ìgbà náà ni. Kò béèrè ohunkóhun. Èmi náà kò sọ.

Ní ọdún tí ó kú, lẹ́yìn ìsìnkú, ọmọbìnrin rẹ̀ gbé ìdì kan lé mi lọ́wọ́. Ó ní àwọn fẹ́ kó yàrá náà fún ayálégbé, Bàbá sì ti sọ pé ti Tíṣà ni. Okùn tí mo fi dì í ni ó ṣì wà lára rẹ̀. Orí kọ́bọ́ọ̀dù nínú yàrá ìkàwé mi ni ó wà títí di òní. Ní sáà tí ó kọjá, akẹ́kọ̀ọ́ kan tí ó wá gba ìwé òwe lọ́wọ́ mi rí i, ó bi mí pé kí ni. Mo sọ fún un: ìwé ìléwọ́ ni, ti 1993. Ó yí i sí apá kan, ó ka ọjọ́ tí ó wà lórí rẹ̀, ó sì wò mí lójú.

“Sà, ṣé ẹ kò pín wọn ni?”